Gbèsè Ọdẹ́jídé, Ẹni Tí Baálẹ̀ Ní Ó Ti Kú

Ẹni tó bá rán ni níṣẹ́ là ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí wọ́n rán ni sí. Ta ni kò tíì gbọ́ òwe yìí rí? Kódà ẹni tí wọ́n rán lọ sọ fún àna pé oúnjẹ ò tíì jinná mọ bí a ṣe ń lò ó. Ṣùgbọ́n bí mo bá bi yín pé ta ló kọ́kọ́ sọ ọ́, àti pé ta ló sọ ọ́ fún, ẹ ó máa wo ojú ara yín. Mo mọ̀ pé ìlú kọ̀ọ̀kan ló ní ìtàn tirẹ̀ lórí òwe, kò sì sí èyí tí kì í búra pé tòun lòótọ́. Tiwa ní Ìdí-Orógbó nìyí. Ẹni tí kò bá gbà á gbọ́, kó lọ gbọ́ ti ìlú tirẹ̀.

Baálẹ̀ wa kan, ní ayé ìgbà tí a ṣì ń ná pọ́n-ùn àti ṣílè, ló kọ́kọ́ sọ ọ́. Akódà kóòtù rẹ̀ ló sọ ọ́ fún. Mo bẹ̀ yín, ẹ rántí pé Baálẹ̀ ló sọ ọ́, nítorí nígbà tó yá, òun fúnra rẹ̀ ì bá fẹ́ kí gbogbo ayé gbàgbé.

Baálẹ̀ tuntun ni nígbà náà, òun sì ni olórí kóòtù ìbílẹ̀. Gbogbo Ọjọ́rú ni ó máa ń wá jókòó lórí àga ńlá kan tí wọ́n ń gbé tẹ̀ lé e láti ilé, tí wọ́n gbẹ́ orí kìnnìún sí apá rẹ̀ méjèèjì. Àrán pupa ni yóò wọ̀, wọn a sì ṣí agboòrùn olómi wúrà lé e lórí, bó tilẹ̀ jẹ́ pé abẹ́ òrùlé ni kóòtù wà. Ó le, kò sì fi líle rẹ̀ pamọ́. Òfin méjì ló fẹ́ràn ju ohun gbogbo tí òyìnbó kọ lọ. Èkíní ni pé ẹni tí wọ́n bá pè lẹ́ẹ̀mẹ́ta ní kóòtù tí kò dáhùn, ó jẹ̀bi. Èkejì ni pé ẹni tó bá jẹ̀bi, akódà gbọ́dọ̀ ti dé ilé rẹ̀ kí ìrì ọjọ́ kejì tó gbẹ.

Ọ̀jẹ́níyì ni orúkọ akódà náà. Ọ̀rọ̀ kì í pọ̀ lẹ́nu rẹ̀. Ọdún méjìdínlógún ló ti fi wọ aṣọ akódà lábẹ́ àwọn Baálẹ̀ mẹ́ta, bí ìwé bá sì ní kó mú ewúrẹ́ kan wá, kò ní mú òbúkọ. Ẹ̀ẹ̀kan ṣoṣo ni ó kùnà. Wọ́n rán an lọ gba kẹ̀kẹ́ lọ́wọ́ ọdẹ kan tó jẹ̀bi ẹjọ́, ọdẹ na ìbọn sí i, Ọ̀jẹ́níyì sì fi kẹ̀kẹ́ sílẹ̀ níbi tó wà. Baálẹ̀ pè é jáde lójú gbogbo kóòtù.

"Ta ló rán ọ níṣẹ́?"

"Ẹ̀yin ni, Baálẹ̀."

"Ta lo wá bẹ̀rù?"

Ọ̀jẹ́níyì ní ọdẹ ni, nítorí pé òun ni ìbọn wà lọ́wọ́ rẹ̀.

"Gbọ́ mi dáadáa," ni Baálẹ̀ wí. "Ẹni tó bá rán ni níṣẹ́ là ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí wọ́n rán ni sí. Má gbàgbé rẹ̀ títí tí o ó fi kú."

Kí ó má baà gbàgbé lóòótọ́, Baálẹ̀ gé owó oṣù kan lọ́wọ́ rẹ̀. Oṣù náà gan-an ni ìyàwó Ọ̀jẹ́níyì bímọ, owó èlé ni wọ́n fi ṣe ìkómọ. Ọ̀rọ̀ náà dùn ún dé egungun. Kò sọ fún ẹnikẹ́ni, kò sì gbàgbé.

Ní àkókò yìí kan náà, opó kan wà ní ìlú wa tó ń jẹ́ Ẹfúnyẹmí. Èkùrọ́ ló ń tà. Àwọn obìnrin abúlé á pa èkùrọ́ jọ, wọn á kó o fún un láwìn, òun á tà á fún àwọn oníṣòwò ńlá, á sì mú owó oníkálukú padà fún un. Ọdún mọ́kànlá ló ti ń bá wọn bọ̀, kò já wọn kulẹ̀ rí. Kò ní ju orúkọ rere yẹn lọ, àti ilé oníyàrá mẹ́ta tí ọkọ rẹ̀ fi sílẹ̀.

Ní ọdún tí mò ń sọ yìí, ó kó èkùrọ́ rẹpẹtẹ fún oníṣòwò kan tó ń jẹ́ Olájùwọ̀n. Kàkà kí Olájùwọ̀n fún un lówó, ìwé ló fún un. Ẹ jẹ́ kí n ṣàlàyé ìwé náà. Olájùwọ̀n ti ta ẹrù olówó gọbọi fún ọkùnrin kan ní Ìdí-Orógbó tó ń jẹ́ Ọdẹ́jídé, ọkùnrin náà kò sì rí owó san lójú ẹsẹ̀. Olájùwọ̀n wá kọ ọ́ sínú ìwé pé: Ìwọ Ọdẹ́jídé, bí oṣù mẹ́ta bá pé òní, san pọ́n-ùn mẹ́rìnlélógún fún ẹni tó bá mú ìwé yìí wá. Ọdẹ́jídé tẹ àtàǹpàkò rẹ̀ sí ìsàlẹ̀ pé òun gbà. Irú ìwé bẹ́ẹ̀ kò yàtọ̀ sí owó, bí ẹni tó tẹ̀ka sí i bá jẹ́ ọmọlúàbí. Ìwé yìí ni Olájùwọ̀n fi san owó èkùrọ́ fún Ẹfúnyẹmí, ó sì gba Kùmásì lọ. Títí di òní, a kò gbúròó rẹ̀.

Kí oṣù mẹ́ta náà tó pé, wọ́n fi Ọdẹ́jídé jẹ Baálẹ̀. Bẹ́ẹ̀ ni, òun náà ni. Àga olórí kìnnìún, àrán pupa àti agboòrùn olómi wúrà ni ẹrù tó rà láwìn, tó fi ń palẹ̀ oyè mọ́.

Ní ìlú wa, ẹni tó bá jẹ Baálẹ̀ ti fi orúkọ rẹ̀ sílẹ̀ sẹ́yìn. Láti ọjọ́ tí fìlà oyè bá ti dé orí rẹ̀, ẹnikẹ́ni kò gbọ́dọ̀ pe orúkọ tí bàbá rẹ̀ sọ ọ́ mọ́. Ẹni tó bá pè é yóò san ewúrẹ́ kan. Bí Baálẹ̀ fúnra rẹ̀ bá ṣèèṣì jẹ́ ìpè náà, tirẹ̀ tún le jù bẹ́ẹ̀ lọ: yóò fi àgbò kan àti agbè ẹmu mẹ́ta bẹ àwọn ìjòyè, wọn á sì ṣí fìlà lórí rẹ̀ fún ọjọ́ méje. Àwọn bàbá wa fi èyí bu ọlá fún oyè. Kò sí ẹni tó ro ti gbèsè mọ́ ọn nínú wọn.

Ní ọjọ́ tí oṣù mẹ́ta pé, Ẹfúnyẹmí mú ẹlẹ́rìí méjì, ó lọ sí ilé Baálẹ̀, ó kúnlẹ̀, ó sì tẹ́ ìwé náà síwájú rẹ̀. Baálẹ̀ wò ó, ó rẹ́rìn-ín.

"Ìyá, ọkùnrin tí ẹ̀ ń wá yìí ti kú. Ọjọ́ tí mo jẹ oyè ló kú. Ojú mi báyìí ni wọ́n ṣe sin ín."

Àwọn ìjòyè rẹ́rìn-ín. Ẹfúnyẹmí kò rí ohun tó pani lẹ́rìn-ín níbẹ̀.

"Àrán tó rà ló wà lọ́rùn yín yẹn, Bàbá," ni ó wí.

"Mo jogún rẹ̀ ni," ni Baálẹ̀ dáhùn. Wọ́n tún rẹ́rìn-ín.

Nígbà tí àwọn obìnrin abúlé gbọ́ pé owó kò wá, wọ́n ṣe bí àwọn ìyá wọn ti máa ń ṣe: wọ́n dógò ti Ẹfúnyẹmí. Láràárọ̀ ni àwọn mẹ́ta nínú wọn máa ń wá, wọn á tẹ́ ẹní sí ẹnu ọ̀nà rẹ̀, wọn á jókòó síbẹ̀ di ìrọ̀lẹ́. Onígbèsè ló sì gbọ́dọ̀ bọ́ ẹni tó bá dógò tì í. Wọn kò bú u, wọn kò pariwo. Bí ó bá gbé oúnjẹ wá, wọn á ní, "A dúpẹ́, ìyá," ojú á máa tì wọ́n, ojú á máa ti òun náà. Ì bá sàn fún un kí wọ́n bú u. Èyí tó dàgbà jù nínú wọn, Ìyá Abúlé Ọ̀gẹ̀dẹ̀, sọ fún un ní pẹ̀lẹ́tù pé bí oṣù bá fi lé láìsí owó, ilé oníyàrá mẹ́ta yẹn ni àwọn máa gbà.

Ẹ lè bi mí pé èé ṣe tí Ẹfúnyẹmí kò lọ dógò ti Baálẹ̀. Ẹni tó bá lọ tẹ́ ẹní sẹ́nu ọ̀nà Baálẹ̀ nítorí gbèsè, ẹní náà ni wọn ó fi gbé e padà sílé. Kóòtù ló kù, ẹni tó sì máa dá ẹjọ́ níbẹ̀ ni ẹni tó jẹ gbèsè. Síbẹ̀, Ẹfúnyẹmí ta ìborùn rẹ̀ kan, ó mú owó ìpẹ̀jọ́ lọ bá akọ̀wé kóòtù.

Akọ̀wé yìí, Ṣódípẹ̀, ará Abẹ́òkúta ni. Kò tíì ju ọ̀sẹ̀ mẹ́ta lọ tó dé, Baálẹ̀ ni ó sì gbọ́ tí gbogbo ènìyàn ń pe Baálẹ̀, kò mọ orúkọ tó ń jẹ́ kó tó joyè. Ẹfúnyẹmí kò purọ́ fún un. Ohun tó wà nínú ìwé ló sọ fún un: Ọdẹ́jídé, ilé rẹ̀ wà nítòsí igi orógbó. Ṣódípẹ̀ yí ìwé náà síwá sẹ́yìn. Ó béèrè bóyá ó mú un lọ ní ọjọ́ tó pé gan-an, ó gbọ́ ti ẹlẹ́rìí méjèèjì, ó sì kọ ọ́ sẹ́yìn ìwé náà pé: A mú un wá, a kò san án.

"Irú ìwé yìí kì í ní àròyé púpọ̀, ìyá," ni ó wí. "Àtàǹpàkò ti dáhùn kí ẹnu tó ya."

Ọ̀jẹ́níyì ló mú ìwé ìpè lọ sí ilé náà. Nígbà tí Baálẹ̀ gbọ́ ohun tó wà nínú rẹ̀, inú rẹ̀ dùn gan-an. Ó ní kí wọ́n máa pè é, òkú kì í jẹ́ ìpè.

Ọjọ́rú pé. Kóòtù kún. Ṣódípẹ̀ dìde, ó gbé ohùn sókè, ó ké pe Ọdẹ́jídé.  Ọ̀tún Baálẹ̀, tó jókòó nítòsí, na ọwọ́ fa akọ̀wé láṣọ. Ṣódípẹ̀ rò pé bàbá náà kò gbọ́ dáadáa ni, ó tún pe orúkọ náà kíkankíkan ju ti àkọ́kọ́ lọ. Nígbà tó pè é lẹ́ẹ̀kẹta, ó ti jẹ ìlú ní ewúrẹ́ mẹ́ta láìmọ̀. Baálẹ̀ jókòó sórí àga rẹ̀, ó ń wo òrùlé.

"Mo gbọ́ pé ọkùnrin náà ti kú," ni ó wí níkẹyìn.

Ṣódípẹ̀ ti gége bọ inú tàdáwà. "Ẹ ṣeun, Baálẹ̀. Bí ó bá ti kú, ẹni tó jogún rẹ̀ ni yóò dáhùn. Ta ló jogún rẹ̀, kí n kọ ọ́ sílẹ̀?"

 Ojú kò ṣeé dè. Àwọn kan ń wo orí kìnnìún, àwọn kan ń wo àrán, àwọn tó kù ń wo agboòrùn. Ẹ̀rín tí wọ́n rín lọ́jọ́sí kò jáde mọ́.

"Bóyá kò kú," ni Baálẹ̀ wí. "Ó lè jẹ́ pé ó rìnrìn àjò ni."

"Tó bá wà láàyè, a ti pè é lẹ́ẹ̀mẹ́ta," ni akọ̀wé wí. "Òfin yín ni mò ń tẹ̀lé, Baálẹ̀. Ajẹ́lẹ̀ òyìnbó yóò ka ìwé yìí lóṣù tó ń bọ̀."

Baálẹ̀ ṣe ìṣirò nínú ọkàn rẹ̀. Bí òun bá dáhùn, àgbò ń bẹ níbẹ̀, ẹmu ń bẹ níbẹ̀, ọjọ́ méje láìdé fìlà ń bẹ níbẹ̀. Bí òun bá ní òun ni àrólé, òun á san owó. Ṣùgbọ́n bí òun bá dá ẹni tí kò wá lẹ́bi, kí ló máa ná òun? Ta ni yóò lọ mú àṣẹ náà ṣẹ? Bó ṣe ro ó tán, ara tù ú. Ó fi ohùn ńlá dájọ́ pé ọkùnrin náà jẹ̀bi, kí ó san pọ́n-ùn mẹ́rìnlélógún àti owó kóòtù, àìjẹ́ bẹ́ẹ̀, kí akódà kó ẹrù rẹ̀. Ó lu òǹtẹ̀ mọ́ ìwé náà gbì.

Ẹfúnyẹmí jàre ẹjọ́, ó sì sunkún. Ó mọ̀ pé ìwé ìdájọ́ kò lẹ́sẹ̀ tí yóò fi rìn lọ síbi tí wọ́n kọ ọ́ sí. Baálẹ̀ na ìwé náà sí Ọ̀jẹ́níyì, ó rẹ́rìn-ín músẹ́ bó ti ń nà án. Ọ̀jẹ́níyì ká a sí mẹ́rin, ó fi í sínú fìlà, ó sì dé e.

Ní òwúrọ̀ ọjọ́ kejì, ìrì ṣì wà lára koríko nígbà tí Ọ̀jẹ́níyì dé ilé Baálẹ̀ pẹ̀lú alágbàrù méjì. Baálẹ̀ jókòó sórí àga rẹ̀ láàárín àwọn ìjòyè. Ọ̀jẹ́níyì dọ̀bálẹ̀ gbalaja, ó kí wọn bó ṣe yẹ, ó dìde, ó sì yọ ìwé kúrò nínú fìlà.

"Kí lo wá ṣe níbí?" ni Baálẹ̀ béèrè.

"Ẹ̀yin lẹ rán mi, Baálẹ̀. Òǹtẹ̀ yín nìyí. Ẹ ní kí n kó ẹrù ọkùnrin inú ìwé."

Ọ̀tún fò dìde. "Orí ẹ pé, Ọ̀jẹ́níyì? Ṣé ẹ̀rù ò bà ọ́ ni?"

"Ẹ̀rù ń bà mí gan-an, Bàbá. Owó oṣù kan ni mo fi kọ́ ọ. Ẹni tó bá rán ni níṣẹ́ là ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí wọ́n rán ni sí."

 Kò yẹ̀ kúrò níbi tó dúró sí. Baálẹ̀ ní ṣé òun kò ti sọ pé ọkùnrin náà kú. Ọ̀jẹ́níyì tún dọ̀bálẹ̀.

"Ẹ kú ọ̀fọ̀ o, Baálẹ̀. Ẹrù òkú ni a wá kó, kò kan tiyín."

Ẹ rò ó fún Baálẹ̀ náà. Bí ó bá di àga mú, ó di ẹni tó wà nínú ìwé nìyẹn, níṣojú àwọn ìjòyè tí ọ̀fun wọn ti ń dá tòló nítorí ẹmu. Bí ó bá lé akódà, òun ló ń lé ara rẹ̀.  Ó dìde lórí àga, ó wọlé, ó sì tún jáde nínú kíjìpá tó fi ń lọ oko kó tó joyè, ó gbé àrán pupa lé alágbàrù lọ́wọ́. Wọ́n gbé àga, wọ́n gbé agboòrùn, wọ́n gba àárín ìgboro kọjá lọ sí kóòtù. Àwọn ènìyàn dúró lẹ́nu ọ̀nà wọn, wọ́n ń wo orí kìnnìún méjèèjì bó ti ń lọ.

Ọjọ́ mẹ́ta ni wọ́n fi ẹrù náà síta fún gbàǹjo. Kò sẹ́ni tó dá owó lé e. Ní ọjọ́ kẹrin, ìyálé Baálẹ̀ gbé owó wá ní pípé nínú igbá. Ó ní ẹnìkan tó mọ olóògbé dáadáa ló ní kí òun wá bá a san án, kí ó lè sinmi lọ́run. Ṣódípẹ̀, tí ìlú ti ṣàlàyé ewúrẹ́ mẹ́ta fún nígbà náà, kọ rìsíìtì ní orúkọ olóògbé, kò sì ka orúkọ náà síta.

Ẹfúnyẹmí kó owó náà délé, ó pín in fún àwọn tó ni ín lórí ẹní tí wọ́n jókòó lé. Ìyá Abúlé Ọ̀gẹ̀dẹ̀ ka tirẹ̀ lẹ́ẹ̀mejì, ó ká ẹní rẹ̀, ó há a sí abíyá, kò sì lọ.

"Ọbẹ̀ àná yẹn, ṣé ó kù díẹ̀?" ni ó béèrè.

Ẹfúnyẹmí tún ẹní tẹ́, wọ́n sì jẹun pa pọ̀. Ìgbà àkọ́kọ́ nìyẹn láti oṣù kan tí ojú kò ti ẹnikẹ́ni nínú wọn.

Ní Ọjọ́rú tó tẹ̀ lé e, Baálẹ̀ padà sórí àga rẹ̀. Kó tó pe ẹjọ́ kankan, ó pe Ọ̀jẹ́níyì síwájú kóòtù. Gbogbo ènìyàn rò pé iṣẹ́ ti bọ́ lọ́wọ́ akódà.

"Sọ òótọ́ fún mi," ni Baálẹ̀ wí. "Èmi tí mo rán ọ àti èmi tí wọ́n rán ọ sí, èwo lo bẹ̀rù jù lọ́jọ́ yẹn?"

"Ẹ̀yin tí ẹ rán mi ni, Baálẹ̀," ni Ọ̀jẹ́níyì dáhùn. "Ẹnì kejì, ẹ̀yin lẹ sọ pé ó ti kú."

Baálẹ̀ wo ọwọ́ ara rẹ̀, ó wo àtàǹpàkò rẹ̀ náà. Ó ní kí akọ̀wé dá owó oṣù kan padà fún ọkùnrin náà, kí ó sì pe ẹjọ́ tó kàn.

Ohun tí a fi ń sọ ọ́ nìyí títí dòní: ẹni tó bá rán ni níṣẹ́ là ń bẹ̀rù, a kì í bẹ̀rù ẹni tí wọ́n rán ni sí. Àwọn àgbà máa ń sọ ọ́ fún ẹni tí wọ́n fi ọ̀rọ̀ tó wúwo rán, tí ẹsẹ̀ rẹ̀ ń wọ́lẹ̀, kó lè lọ jẹ́ iṣẹ́ náà bí wọ́n ṣe rán an, láìbù ú kù nítorí ojú ẹnikẹ́ni. Níbòmíràn, ibẹ̀ ni wọ́n máa ń parí rẹ̀ sí. Ní Ìdí-Orógbó, bí a bá ti sọ ọ́ fún ìránṣẹ́ tán, a máa ń yíjú sí ẹni tó ń rán an, a ó sì bi í bóyá ó mọ ilé tí iṣẹ́ náà ń lọ.